Ikú Mẹ́rin Tí Rasih Kú

Kí ọmọ ogun ẹyọ kan tó kú lórí Òkè Kızılcık lọ́sẹ̀ yẹn, Rasih Efendi ti kú lẹ́ẹ̀mẹrin.

Etí òkun ní Akbaş ló ti kú, níbi tí ọkọ̀ ojú omi já a sí láti Istanbul, òun àti kámẹ́rà sinimá kan àti agolo fíìmù mẹ́rin. Ó wọ ẹ̀wù ọ̀gágun, ó fa idà yọ, ó nà án sí ibi tí àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì wà, ó di àyà mú, ó ṣubú. Mişon, ará Balat tó ń yí ọwọ́ kámẹ́rà fún un, ní ó ṣubú bí àpò ìyẹ̀fun. Wọ́n tún un ṣe. Ikú kejì dára, àmọ́ kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ kan gba ẹ̀yìn òkú kọjá, ó dúró, ó sì tọ̀. Nígbà kẹta fìlà bo òkú lójú, kí sì ni èrè akọni tó kú tí a ò rí ojú rẹ̀? Ìkẹrin ni ojúlówó. Ó fi ẹ̀gbẹ́ lélẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó wo ojú ọ̀run, ó ṣí ẹnu bí ẹni tó fẹ́ pe orúkọ ìlú rẹ̀, ó wá rọra pa ojú dé. Mişon pàápàá ní ìyẹn wọlé. Agolo kan, ikú kan. Agolo mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tán.

Ẹ má tíì dá a lẹ́jọ́. Ọdún mẹ́rìnlá ni Rasih fi ṣe aláwàdà ní Direklerarası, àdúgbò àwọn ilé eré ní Istanbul, láàárín àwọn òṣèré tí kì í kọ eré sínú ìwé. Ọ̀gá wọn á kàn kó wọn jọ sẹ́yìn aṣọ ìtàgé, á ní ìwọ ni ọkọ, ìwọ ni olè, ìwọ ni ìránṣẹ́ tí wọ́n máa nà, ó parí. Ìyókù dọwọ́ ẹnu oníkálukú. Ohun tí Rasih bá gbọ́ lẹ́ẹ̀kan, kì í jábọ́ lórí rẹ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n odindi ọdún mẹ́rìnlá náà, òun ni ìránṣẹ́ tí wọ́n ń nà. Kò kú ikú akọni rí. Ìgbà tí ogun dé, tí wọ́n ní kó lọ ya àwòrán àwọn ọmọ ogun tó wà ní Gelibolu kí àwọn ará ilé lè rí wọn, ó tú àpótí aṣọ ilé eré, ó sì mú ẹ̀wù ọ̀gágun aláwọ̀ búlúù kan tó ní bọ́tìnnì wúrà méjìlá. Wúrà orí ìtàgé ni o, idẹ lásán. Ó wí fún ara rẹ̀ pé àwọn ọmọ ogun kò ní sá lọ. Kí òun kọ́kọ́ ya ara òun ná. Fíìmù mìíràn ń bọ̀ lọ́jọ́ Jímọ̀.

Jímọ̀ dé, fíìmù kò dé. Ìgbẹ́ ọ̀rìn ló dé. Ó sọ Mişon di aṣọ tútù lórí okùn, wọ́n sì fi ọkọ̀ gbé e padà sí Istanbul pẹ̀lú agolo mẹ́rin tó kún fún ikú Rasih. Báyìí ni aláwàdà ṣe ku òun nìkan, pẹ̀lú kámẹ́rà tó ṣófo bí ilé ọ̀fọ̀ lẹ́yìn ogójì ọjọ́, tí àṣẹ sì dé pé kó gòkè lọ bá àwọn tó wà ní Kızılcık.

Àwọn tí ó bá gun òkè ni ẹ̀ṣọ́ Sájẹ́ǹtì Durali, ọkùnrin mọ́kànlá tó wá gbé omi àti búrẹ́dì. Ọjọ́ kan gbáko ni wọ́n fi rìn. Ọ̀kan nínú wọn tó ń jẹ́ Satılmış gba ẹsẹ̀ kámẹ́rà lọ́wọ́ rẹ̀ láìjẹ́ pé ó bẹ̀ ẹ́, ó gbé e lé èjìká. Ohun tí orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí ni Ẹni-tí-a-tà. Ìyá rẹ̀ ti sin ọmọ mẹ́ta. Nígbà tó bí ìkẹrin, ó gbé e lọ sí ibojì ẹni mímọ́ kan, ó tà á fún un, kí ikú má bàa mọ ilé tí yóò ti wá a. Satılmış ń rìn, ó ń wo sòkòtò òṣèré tó lẹ̀ mọ́ Rasih lẹ́sẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú o. Ṣé sòkòtò yìí ni wọ́n rán fún yín, àbí ẹ̀yin ni wọ́n rán mọ́ inú ẹ̀?"

Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín, Rasih náà rẹ́rìn-ín. Ó dá wọn lóhùn pé ọjọ́ tí òun bá fẹ́ bọ́ ọ, ó di kí wọ́n pe oníṣẹ́ abẹ. Ibi tí ọ̀rẹ́ ti wọlé nìyẹn. Ṣùgbọ́n ní gbogbo ìgbà tí Satılmış bá yí ẹsẹ̀ kámẹ́rà láti èjìká kan sí èkejì, nǹkan kan ń ta Rasih nínú bí ẹ̀gún tó wọ ìbọ̀sẹ̀.

Ọjọ́ kejì ni wọ́n pè é sí ìgbìmọ̀ ogun, nínú ihò tí wọ́n gbẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ yàrà. Sabit Bey ni olórí wọn níbẹ̀, ọkùnrin tó gbẹ bí igi ólífì. Ẹ̀wù ọmọ ogun lásán ló wọ̀, tí ìgbúnwọ́ rẹ̀ ti ya. Ojú ti Rasih fún un. Ó wò ó pé ọ̀gá tó ní igba ènìyàn lábẹ́, kò tilẹ̀ ní ẹ̀wù gidi kan.

Sabit Bey fi igi ìnubọn fa ilà sílẹ̀. Kànga nìyí, ẹni tó bá gba kànga ló ni òkè. Ọ̀tá ló wà níbẹ̀. Àfonífojì nìyí lápá òsì, gbangba ni, kò sí igi kan. Lọ́la, lẹ́yìn ìrun Alásárì tí oòrùn bá wà lójú ọ̀tá, ẹ̀ṣọ́ kan á jáde sí gbangba náà. Bí ọ̀tá bá ti yí ìbọn sí wọn, ìyókù á gba ọ̀tún kọlu kànga.

"Ẹ̀ṣọ́ ta ni?" Durali ló bi í.

"Tìrẹ ni, Durali."

Durali fọwọ́ nu irun imú rẹ̀. Ọkùnrin náà ti di ọmọ àádọ́ta ọdún. Nídìí ọlọ tí omi odò ń yí ló ti ṣiṣẹ́ fún ọdún méjìlélógún, àwọn ọmọ ogun a sì máa kì í báyìí: Durali ọlọ́lọ etí odò, ọlọ tí ń lọ ọkà tí kì í lọ ọ̀rọ̀, a-dákẹ́-má-sùn. Ó ní, "Ìdin ẹnu ìwọ̀ ni wá nìyẹn."

"Ẹ̀yin ni."

"Ó dáa. Ẹja ló yẹ kó máa bínú."

Sabit Bey wá yíjú sí Rasih. Ó ní ọjọ́ mọ́kàndínlógún ni àwọn ọkùnrin wọ̀nyí ti wà nínú yàrà, oorun ti kúrò lójú wọn, oúnjẹ ò gba ọ̀nà ọ̀fun mọ́. Ẹni tó bá mọ̀ pé ìyá òun máa rí ojú òun, kò ní kẹ̀yìn sógun. Kó ya wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Fíìmù ńkọ́, ṣé ó kù?

Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà. Bó bá sọ pé kò kù, wọ́n á bi í pé kí ló fi ṣe. Ó máa ní, mo fi kú ni, Bey mi. Ẹ̀ẹ̀mẹrin. Ọ̀kan tiẹ̀ ní kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ nínú.

"Ó kù, Bey mi."

"Ó tó ènìyàn mọ́kànlá?"

"Wàláhì, ó tó."

Ìbúra náà ló kọ́kọ́ jáde, kí orí rẹ̀ tó mọ̀ pé ẹnu ti ṣí.

Ní àárọ̀ ọjọ́ tó tẹ̀ lé e, ó gbé kámẹ́rà kalẹ̀ sí ìsàlẹ̀ yàrà níbi tí ìbọn kì í dé. Àwọn mẹ́wàá ti fá irùngbọ̀n, abẹ kan ṣoṣo ló yí gbogbo wọn ká. Wọn ò ní aṣọ tó ṣeé fi han ìyá, nítorí náà Rasih bọ́ ẹ̀wù búlúù fún wọn. Ẹ̀wù kan, ẹ̀yìn mẹ́wàá. Wọ́n ń bọ́ ọ, wọ́n ń wọ̀ ọ́. Ọ̀kan kúrú débi pé ọwọ́ ẹ̀wù gbé ọwọ́ rẹ̀ mì, èkejì ga débi pé bọ́tìnnì ìsàlẹ̀ wà ní ìdodo rẹ̀. Wọ́n ń fi ara wọn ṣẹ̀fẹ̀ pé Istanbul máa rò pé ìyá kan ló bí gbogbo wọn.

Rasih ń yí ọwọ́ kámẹ́rà. Àwọn wọ̀nyí kò wo sinimá rí láyé wọn. Wọn ò mọ̀ pé àwòrán sinimá kì í sọ̀rọ̀. Oníkálukú dúró gbọn-in, ó ń bá ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀ tòótọ́, ohùn rara, bí ẹni pé ìyá náà jókòó sínú àpótí kámẹ́rà. Ọ̀kan ní kí wọ́n tún òrùlé ṣe kí òjò tó dé. Ọ̀kan kọrin. Ọ̀kan ní, "Ìyá, mo sanra," ó sì bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Rasih lè dá wọn dúró. Kò dá wọn dúró. Irọ́ ti di méjì báyìí: kò sí fíìmù, bí fíìmù bá sì wà, kò ní etí.

Satılmış ló ṣe ìkẹyìn. Ó fi ọwọ́ pa bọ́tìnnì méjèèjìlá lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Ìyá, èmi Satılmış ni. Má ta màlúù dúdú. Pupa ni kó o tà, ó ń tiro tó bá ti rò pé o ò wo òun. Bí Elif ìyàwó mi bá bí obìnrin, ẹ fún un lórúkọ rẹ. Bó bá jẹ́ ọkùnrin, ẹ má tà á fún ẹnikẹ́ni. Ẹ jẹ́ kó jẹ́ tiwa."

Ó wá yíjú sí Rasih, ó béèrè bóyá ó wọlé. Rasih ní ó wọlé. Satılmış rẹ́rìn-ín, ó mú búrẹ́dì dúdú àti èso ólífì, ó jókòó, ó jẹun. Àwọn yòókù ní ó ti tó ọjọ́ mẹ́fà tí wọ́n ti rí i kó jẹun kẹ́yìn.

Durali kò ya tirẹ̀. Ó jókòó lórí àpótí ọta láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, ó káwọ́ gbera, ó di ojú, ó ń gbọ́. Nígbà tí wọ́n tú ká, ó pe Rasih sọ́dọ̀.

"Ọdún méjìlélógún ni mo fi gbọ́ ohùn ọlọ, Rasih Efendi. Ọlọ tí ọkà wà lẹ́nu ẹ̀, ohùn ẹ̀ wúwo. Èyí tí kò sí nǹkan lẹ́nu ẹ̀ máa ń pariwo ju tẹ́lẹ̀ lọ. Àpótí rẹ pariwo láàárọ̀ yìí."

Rasih béèrè ìdí tí Bàbá Durali kò fi tú òun fó.

"Nítorí Satılmış ń jẹun." Durali dìde. "Lẹ́yìn ìrun, kí a tó jáde, a máa tọrọ hàláàlì lọ́wọ́ ara wa. O mọ̀ ọ́n. O ti jẹ búrẹ́dì wa, wàá wá. Bó o bá dé ọ̀dọ̀ wọn, sọ ohun tó o ṣe. Hàláàlì tí èèyàn gbà láìsọ ẹ̀ṣẹ̀, olè tó ṣe àlùwàlá ni."

Kò sí ọmọ Turk tó máa lọ sójú ogun, tàbí ọ̀nà jíjìn, tàbí sàréè, tí kò ní ṣe é. Ọ̀kan á ní: ẹ̀tọ́ rẹ tó wà lọ́rùn mi, ṣe é ní hàláàlì fún mi, dárí ẹ̀ jì mí. Èkejì á ní: hàláàlì ni, ìwọ náà ṣe tèmi. Wọ́n á dì mọ́ ara wọn, ó parí. Kò sí ẹni tó ń béèrè ohun tó wà níbẹ̀. Wọ́n máa ń sọ ọ́ bí ẹni tó ń kí èèyàn, ibẹ̀ gan-an ni Rasih fojú sí: ẹnu ọ̀nà náà fẹ̀, irọ́ méjì lè gbà á kọjá láìtẹrí ba.

Wọ́n kírun tán. Wọ́n tò. Rasih bẹ̀rẹ̀ lọ́wọ́ òkè. Ó ti to ọ̀rọ̀ náà sẹ́nu: ẹ̀yin ará, àpótí yẹn ṣófo. Ẹni àkọ́kọ́ dì mọ́ ọn, kò fẹ́ tú u sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ padà sẹ́yìn. Ẹnu tó ti dá igba ènìyàn lẹ́rìn-ín lálaalẹ́ Ramadan wá bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ tó mọ̀: ó ní kí ọkùnrin náà ṣe sòkòtò òun ní hàláàlì fún òun, nítorí ó ti ba ojú gbogbo wọn jẹ́. Ẹ̀rín sọ. Ẹnì kejì rẹ́rìn-ín kó tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Báyìí ni Rasih ṣe gba hàláàlì mẹ́sàn-án, ó ń gbà á bí ajá ọlọ́jà ṣe ń gbé eegun, ó ń wo ẹ̀yìn.

Ìkẹwàá ni Satılmış. Ẹ̀wù búlúù ṣì wà lọ́rùn rẹ̀. Ó ti bẹ Rasih láàárọ̀ pé kí òun máa wọ̀ ọ́ lọ ná.

"Satılmış, àpótí yẹn..."

"Hàláàlì ni, ẹ̀gbọ́n. Ohun yòówù kó jẹ́. Ẹ̀yin náà ẹ ṣe tèmi. Mo bú sòkòtò yín."

Ó dì mọ́ ọn. Bọ́tìnnì idẹ wọ Rasih láyà.

Durali dé, ó na ọwọ́ sí ẹ̀wù náà, ó ní kó bọ́ ọ. Ojú Satılmış rẹ̀wẹ̀sì. Rasih ló gba ọ̀rọ̀ sọ. Ó bẹ bàbá pé kó jẹ́ kó wọ̀ ọ́, pé lọ́jọ́ òní, nǹkan kan ṣoṣo tí òun ní tí òun lè fún un nìyẹn. Durali ṣí ẹnu láti fèsì, Sabit Bey sì pè é láti òkè yàrà. Nígbà tó máa fi padà dé, àkókò ti tó. Ó kàn dúró níwájú Rasih.

"O sọ fún wọn?"

Rasih wo ilẹ̀. Ọ̀kan lára àwọn tó ń rẹ́rìn-ín ṣì ń rẹ́rìn-ín.

"Ó dáa," ni Durali wí. "Tèmi ṣì wà lọ́rùn rẹ nìyẹn. Mò ń mú un lọ." Ó sì gun àtẹ̀gùn.

Ogun náà kò pẹ́ tó kí ife tíì kan tutù. Rasih gun orí àpótí ọta, ó yọjú. Ó rí ọkùnrin mọ́kànlá ní gbangba lábẹ́ oòrùn ìrọ̀lẹ́, mẹ́wàá láwọ̀ erùpẹ̀, ọ̀kan láwọ̀ búlúù. Bọ́tìnnì méjìlá ń kọ mànà. Ó rí i bí gbogbo ìbọn tó wà ní ọwọ́ kànga ṣe yí sí ẹnì kan ṣoṣo. Satılmış kò fi ẹ̀gbẹ́ lélẹ̀ díẹ̀díẹ̀, kò wo ojú ọ̀run. Ó ṣubú bí àpò ìyẹ̀fun.

Mẹ́rin padà nínú mọ́kànlá. Durali kò sí lára wọn.

Sabit Bey wá a rí ní ìsàlẹ̀ yàrà níbi tó jókòó sí. Ọwọ́ kan rẹ̀ wà nínú ọ̀já, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ó ní kànga ti bọ́ sọ́wọ́. Ó ní òun ò rí kí ìdin fa ẹja báyìí rí: ọ̀tá rò pé ọ̀gágun ńlá kan ló jáde, wọ́n gbàgbé ọ̀tún pátápátá.

"Kí lo rò pé ó mú kí n máa wọ àkísà? Àwọn ayìnbọn wọn, ẹ̀wù ọ̀gá ni wọ́n ń wá. Ẹ̀wù rẹ ló gba kànga, Rasih Efendi. Màá kọ ọ́ ránṣẹ́ sí Istanbul."

Ìyìn nìyẹn. Ọdún mẹ́rìnlá ló ti ń dúró de ìyìn. Rasih dìde.

"Bey mi, kò sí fíìmù nínú àpótí yẹn. Mo búra níwájú yín, irọ́ ni. Mo ti fi gbogbo rẹ̀ ya ara mi."

Ó dúró de ẹgba. Ẹgba ni iṣẹ́ tó mọ̀.

"Durali ti sọ fún mi kí wọ́n tó jáde," ni Sabit Bey wí. "Lọ́la, mẹ́wàá mìíràn ń lọ dí ẹnu àfonífojì náà. Gbé àpótí rẹ kalẹ̀, kó o yí i fún wọn."

Ó sì lọ.

Lẹ́yìn Àsùbáà, àwọn mẹ́wàá náà ti tò. Wọ́n ti fá irùngbọ̀n, àyàfi ọ̀kan tó ń jẹ́ Nebi, àgbà ọkùnrin tí irùngbọ̀n kò hù fún rí, tí wọ́n ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé àbúrò ìyàwó rẹ̀ ni. Wọ́n béèrè ẹ̀wù búlúù. Rasih ní kò sí mọ́. Wọ́n ní kò burú. Nebi bọ́ síwájú, ó na ọrùn, ó yíjú sí ojú kámẹ́rà.

Rasih fọwọ́ kan ọwọ́ kámẹ́rà. Kò yí i.

"Ẹ̀yin ará, kò sí nǹkan nínú ẹ̀. Àná náà kò sí nǹkan nínú ẹ̀. Bó bá tiẹ̀ wà níbẹ̀, kì í gbọ́ ọ̀rọ̀. Irọ́ ni mo pa fún wọn."

Ẹnì kan ní ẹ̀yìn tutọ́ sílẹ̀, ó ní ṣebí òun ti wí pé aláwàdà ò ṣeé fọkàn tán. Nebi nìkan ni kò kúrò lójú kan.

"Ta wá la fẹ́ bá sọ̀rọ̀?"

Rasih bọ́ síwájú kámẹ́rà, sí ibi tí wọ́n máa ń dúró sí. Ó tẹ èjìká òsì sílẹ̀ díẹ̀ bí ti ẹni tó gbé ẹsẹ̀ kámẹ́rà lé e, ó fi ọwọ́ pa bọ́tìnnì tí kò sí lára rẹ̀. Ó ní, "Ìyá, èmi Satılmış ni. Má ta màlúù dúdú." Ohùn Satılmış ni. Ó sọ ọ́ délẹ̀, kò sí ọ̀rọ̀ kan tó sọnù, títí dórí ẹ jẹ́ kó jẹ́ tiwa. Ó tún ṣe ẹni tó ní òun sanra. Ó ṣe ẹni tó ń sọ̀rọ̀ òrùlé. Ó ṣe mẹ́wẹ̀ẹ̀wá. Ó ní bí òun bá kúrò níbí láàyè, ẹsẹ̀ òun lòun máa fi gbé ọ̀rọ̀ wọn délé wọn, ní ojúlé dé ojúlé.

Nebi jókòó sórí àpótí ọta tí Durali jókòó sí.

"Gbọ́ tèmi nígbà náà. Sọ fún Zahide ìyàwó mi pé èmi ni mo fọ́ ìkòkò ìyá ẹ̀. Ológbò kọ́. Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi dì í ru ológbò. Kó ṣe é ní hàláàlì fún mi."

Rasih tún un sọ. Nebi rò ó, ó ní òun ló ṣì í kà, ọdún mẹ́jọ ni. Rasih ṣe àtúnṣe.

Ó wá kúnlẹ̀ níwájú ọkùnrin náà. Ó ní èmi ni mo jẹ́ kí Satılmış wọ ẹ̀wù yẹn jáde. Bàbá Durali ní kó bọ́ ọ, èmi ni mo ní kó máa wọ̀ ọ́. Ẹ ṣe é ní hàláàlì fún mi.

Nebi mi orí.

"Ìyẹn kì í ṣe tèmi. Ìyá Satılmış ló ni ín." Ó gbá erùpẹ̀ kúrò lórúnkún ara rẹ̀. "Tún tèmi sọ. Má gbàgbé ológbò."

Rasih tún un sọ, láti ìbẹ̀rẹ̀.